Ìbéèrè Òǹkàwé: Peter Lorre

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú. Ẹgbẹ́ eléré wa ní Ṣàgámù fẹ́ràn Peter Lorre, òṣèré fíìmù àtijọ́ nì. Báwo ló ṣe di gbajúmọ̀ nígbà tó jẹ́ pé ipa kékeré ló sábà máa ń kó? — Òǹkàwé, Ṣàgámù

ÌDÁHÙN: Ohùn àti ojú ni. Fíìmù M tí Fritz Lang darí ní 1931 ló gbé e jáde. Òun ló ṣe ẹni tó ń pa ọmọdé. Súfèé rẹ̀ la máa ń gbọ́ ká tó rí i. Súfèé yẹn ni afọ́jú tó ń ta bàlúù fi dá a mọ̀, tí wọ́n fi fi ẹfun tẹ lẹ́tà M sí èjìká ẹ̀wù rẹ̀. Lang fúnra rẹ̀ ló súfèé ọ̀hún, torí Lorre kò mọ̀ ọ́n ṣe.

Júù ni Lorre, ó sì kúrò ní Jámánì ní 1933. Nínú fíìmù Casablanca (1942), kò pẹ́ rárá tí wọ́n fi mú un, àmọ́ ìwé ìrìnnà tó fi sọ́wọ́ Rick, olórí ẹ̀dá ìtàn náà, ló gbé ìtàn ọ̀hún ró dópin.

Tẹ́ ẹ bá fẹ́ kọ́ṣẹ́ lára rẹ̀, ẹ kọ́kọ́ pa ohùn fíìmù M, kẹ́ ẹ wo ojú rẹ̀ nìkan. Ohun tó ń ba eléré jẹ́ ni kó ti máa pariwo láti ìbẹ̀rẹ̀. Lorre fi igbe pamọ́ di ìgbà táwọn ọ̀daràn ń dá a lẹ́jọ́, ìyẹn ló fi wọni lára.