Ṣé kí n fipá mú ọ̀rẹ́ mi sunkún?

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o, dókítà. Ọ̀rẹ́ mi kan pàdánù ìyàwó rẹ̀ àti ọmọ rẹ̀ méjèèjì lọ́jọ́ kan ṣoṣo nínú ìjàǹbá ọkọ̀. Ó ti pé oṣù 16 báyìí. Kò sunkún níbi ìsìnkú, kò sì fẹ́ kí ẹnikẹ́ni dárúkọ wọn. Iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, géèmù orí tẹlifíṣọ̀n ló ń gbá láti alẹ́ dé ìdájí. Lọ́sẹ̀ tó kọjá mo wo fíìmù kan tí ọ̀rọ̀ ọkùnrin inú rẹ̀ jọ tirẹ̀ gan-an. Ọ̀rẹ́ ọkùnrin náà kò fi í lọ́rùn sílẹ̀ títí ó fi ròyìn gbogbo rẹ̀ tẹkún-tẹkún, àtìgbà náà ló sì ti ń padà bọ̀ sípò. Èmi náà ti kó fọ́tò wọn jọ, àwọn òbí ìyàwó rẹ̀ sì ti gbà láti wá ní Sátidé. Kí ni kí n sọ fún un kí ẹkún yẹn lè jáde?

ÌDÁHÙN: Ẹ má sọ nǹkan kan. Ẹ má sì gbé fọ́tò kankan dé iwájú rẹ̀ ní Sátidé.

Mo mọ̀ pé ìfẹ́ ló ń tì yín. Ṣùgbọ́n irú ìbéèrè yìí ti pọ̀ jù, fíìmù ló sì sábà máa ń bí i. Ẹ wò ó, wákàtí méjì péré ni ẹni tó ṣe fíìmù ní. Ó gbọ́dọ̀ jẹ́ ká rí i pé nǹkan kan ti yí padà nínú ọkàn ẹnì kan, kámẹ́rà kò sì lè wọnú ọkàn. Omijé ló lè yà. Ìyẹn ni wọ́n ṣe ń kó ọ̀fọ̀ ọdún mélòó kan sínú ẹkún kan ṣoṣo, wọn á fi orin sí i, àwa náà á sì dìde lórí àga pé ara ọkùnrin náà ti yá. Àwa tí à ń wò ó ni ara wa yá. Iṣẹ́ fíìmù nìyẹn, kò burú rárá, àmọ́ ìwé oògùn kọ́ ni.

Ohun tó wà nídìí èrò yìí ni pé ọ̀fọ̀ dà bí eéwo: ó ti gba ọ̀yún, ẹ bá ti tú u, ọ̀yún á dà, ojú rẹ̀ á sì jinná. Èrò náà ti pẹ́. Ní 1895, Josef Breuer àti Sigmund Freud, dókítà méjì ní Vienna, tẹ ìwé kan jáde tó ní bí aláìsàn bá rántí ohun tó dùn ún, tó sì sọ ọ́ jáde pẹ̀lú gbogbo bó ṣe rí lára rẹ̀, àìsàn náà á lọ. Ọ̀pọ̀ nǹkan inú ìwé yẹn làwọn oníṣègùn ti pa tì, ṣùgbọ́n ti eéwo yìí kò kúrò lẹ́nu àwọn èèyàn. Ní 1983, Jeffrey Mitchell ní Amẹ́ríkà gbé ètò kan kalẹ̀ fún àwọn panápaná àti òṣìṣẹ́ ìdóòlà: lẹ́yìn ìṣẹ̀lẹ̀ burúkú, láàárín ọjọ́ mélòó kan, kí wọ́n jókòó papọ̀, kí kálukú ròyìn ohun tó rí àti bó ṣe rí lára rẹ̀. Kò pẹ́ tí wọ́n fi ń lò ó fún ẹni yòówù tí nǹkan burúkú bá ṣẹlẹ̀ sí, wọ́n sì ń fi dandan mú àwọn mìíràn.

Nígbà tí wọ́n wá dán an wò, ibi tí wọ́n fojú sí kọ́ ló gbà. Ní Oxford, Richard Mayou àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tẹ̀ lé àwọn tí ìjàǹbá ọkọ̀ ṣe léṣe fún ọdún mẹ́ta, wọ́n sì tẹ àbọ̀ rẹ̀ jáde ní 2000. Nínú àwọn tí ẹ̀rù náà wọ̀ lára gan-an níbẹ̀rẹ̀, àwọn tí wọ́n mú jókòó lẹ́ẹ̀kan láti ròyìn gbogbo rẹ̀ ṣì wà nínú ìpọ́njú lẹ́yìn ọdún mẹ́ta. Àwọn tí wọ́n fi sílẹ̀ jẹ́ẹ́ ti ń gbádùn. Ní 2002, àwọn Cochrane, tí iṣẹ́ wọn jẹ́ kíkó ìwádìí jọ láti yẹ̀ wọ́n wò, sọ ọ́ láìfi bò pé kí wọ́n dẹ́kun fífi dandan mú ẹnikẹ́ni ṣe é. Ẹ kíyè sí i pé àwọn tó kọ́ iṣẹ́ yìí ló darí ìjókòó wọ̀nyẹn. Ẹ̀yin fẹ́ fi fọ́tò àti àna méjì ṣe é nínú pálọ̀.

Kí ló dé tí kì í ṣiṣẹ́? Ohun tí ọ̀rẹ́ yín ń ṣe ni pé ó ń sá fún ìrántí. Bí ẹ bá gbé ìrántí náà kò ó lójú lójijì, àyà rẹ̀ á máa lù kìkì, èémí rẹ̀ á gbà sókè, gbogbo ara rẹ̀ á pe ewu. Ìbẹ̀rù a máa rọlẹ̀ fúnra rẹ̀ béèyàn bá lè dúró tì í fúngbà díẹ̀, ní ìwọ̀n tó yàn fúnra rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹni tí a fipá mú kì í dúró. Yóò dìde, yóò ti ilẹ̀kùn, nígbà tí ìbẹ̀rù náà wà lókè téńté gan-an ni yóò sì sá. Ẹ̀kọ́ méjì ló máa bá a lọ: pé orúkọ ìyàwó rẹ̀ lè pa á, àti pé ẹ̀yin náà kò ṣeé fi ọkàn tán. Ẹ̀kọ́ kejì yẹn ló ń bà mí lẹ́rù jù, torí nínú gbogbo ohun tí lẹ́tà yín sọ, ẹ̀yin nìkan ni mo rí tó ṣì ń wọ ilé rẹ̀. Ohun tí a bá fi ẹ̀sọ̀ mú kì í bàjẹ́, ohun tí a bá fi agbára mú ní í nini lára.

Ti pé kò sunkún níbi ìsìnkú, ẹ yọ ìyẹn kúrò nínú ẹjọ́ rẹ̀. Ní 1989, Camille Wortman àti Roxane Silver yẹ ẹ̀rí tó wà nílẹ̀ wò, wọn kò sì rí ohun tó ti èrò yẹn lẹ́yìn pé ẹni tí kò bá bara jẹ́ gan-an níbẹ̀rẹ̀ yóò ṣubú lọ́jọ́ iwájú. Ẹlòmíràn kì í sunkún. Ẹlòmíràn ń sun ún nínú ilé ìwẹ̀. (Bí ẹnikẹ́ni bá sì ka ipele márùn-ún ọ̀fọ̀ fún yín, láti orí kí èèyàn má gbà pé ó ṣẹlẹ̀ títí dórí kó gbà á, ẹ rántí pé àwọn tó ń kú lọ ni Elisabeth Kübler-Ross, dókítà tó kọ wọ́n sílẹ̀, ń bá sọ̀rọ̀ kó tó kọ ìwé rẹ̀ ní 1969, kì í ṣe àwọn tó kù lẹ́yìn òkú. Kì í ṣe àtẹ̀gùn tí èèyàn ń gùn níkọ̀ọ̀kan.)

Bí ọ̀fọ̀ ṣe ń rìn gan-an ni pé ó ń lọ, ó ń bọ̀. Margaret Stroebe àti Henk Schut ní Netherlands ló ṣàlàyé rẹ̀ dáadáa ní 1999: ní àárọ̀ èèyàn lè wà nínú ìbànújẹ́ pátápátá, ní ọ̀sán kó máa wá bó ṣe máa san owó iná tí ìyàwó rẹ̀ ló máa ń san tẹ́lẹ̀, ní ìrọ̀lẹ́ kó rẹ́rìn-ín sí nǹkan kan, kó tún wolẹ̀ lóru. Ìsinmi kúrò nínú ìbànújẹ́ wà lára iṣẹ́ náà. Géèmù nìkan kì í ṣe ọ̀tá, nítorí náà. Ohun tó ń kọ mí lóminú ni pé kò sí ìlọ, kò sí bíbọ̀: iṣẹ́ ti bọ́, oorun ti bàjẹ́, orúkọ ti di èèwọ̀, ó sì ti lé lọ́dún kan.

Ẹ̀yin á ní, ṣebí àwọn olùtọ́jú náà máa ń ní kí èèyàn ròyìn ikú náà? Bẹ́ẹ̀ ni. Ẹ wá gbọ́ bí wọ́n ṣe ń ṣe é. Nínú ọ̀nà tí Katherine Shear àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé kalẹ̀, ìjókòó 16 ni, bí ẹ̀ẹ̀kan lọ́sẹ̀. Ìjókòó mẹ́ta àkọ́kọ́, kò sẹ́ni tó ń fi tipá wọ ọjọ́ ikú náà. Wọ́n ń gbọ́ irú èèyàn tí àwọn tó lọ jẹ́, aláìsàn náà sì ń kọ sílẹ̀ lójoojúmọ́ bí ọ̀fọ̀ náà ṣe wúwo tó. Ní ìjókòó kẹta, wọ́n sábà máa ń pe ẹnì kan tó sún mọ́ ọn wọlé. Àga yín nìyẹn. Ìjókòó kẹrin ni wọ́n tó ń sọ pé kó dijú, kó ròyìn láti ìgbà tó gbọ́ ìròyìn náà, fún ìṣẹ́jú mélòó kan péré. Olùtọ́jú á máa bi í bó ṣe ń dùn ún tó, láti 0 sí 100. Lẹ́yìn náà ni wọn á ní kó lajú, wọn á jíròrò, wọn á bá a pa ìtàn náà dé, wọn á sì jọ ṣètò nǹkan dídùn kan tó máa ṣe lọ́jọ́ náà. Wọ́n ti gba ohùn rẹ̀ sílẹ̀, kó lè máa gbọ́ ọ nílé títí di ìjókòó tó ń bọ̀. Léraléra ni, díẹ̀díẹ̀. Nínú ìwádìí wọn ní 2005, ìdá 51 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn tó gba ìtọ́jú yìí ló rí ìyàtọ̀ tó ṣe gúnmọ́. Nínú àwọn tó gba ìtọ́jú ọ̀rọ̀ sísọ mìíràn, ìdá 28 ni. Ẹ rí i pé kò wo gbogbo èèyàn sàn. Ẹni tó bá fi ẹkún kan ṣoṣo ṣèlérí ìwòsàn fún yín, ẹ sá fún un, pàápàá tó bá ń gbowó.

Ó tó àkókò kó rí irú olùtọ́jú bẹ́ẹ̀. Èmi kò rí ọ̀rẹ́ yín, mi ò sì lè fi lẹ́tà sọ àìsàn tó ń ṣe é. Ṣùgbọ́n ìwé àìsàn àjọ ìlera àgbáyé gbà pé ọ̀fọ̀ lè di àìsàn lẹ́yìn oṣù 6. Ti àwọn oníṣègùn ọpọlọ Amẹ́ríkà, tó jáde ní 2022, sọ pé lẹ́yìn oṣù 12 fún àgbàlagbà. Àmì mẹ́jọ ni ìwé ti Amẹ́ríkà kà, mẹ́ta ó kéré tán sì gbọ́dọ̀ wà, nǹkan bí ojoojúmọ́, láti oṣù kan sẹ́yìn: kó dà bíi pé apá kan ara rẹ̀ ti kú, kó má gbà pé wọ́n ti lọ lóòótọ́, kó máa sá fún ohun tó máa rán an létí, ìrora ọkàn tó le, kó má lè padà sẹ́nu iṣẹ́ àti àárín ọ̀rẹ́, kí ọkàn kú tí kò mọ nǹkan kan lára, kí ayé má nítumọ̀, àti ìdánìkanwà tó le gan-an. Ẹ má fi ṣe ìdánwò fún un o. Ẹ fún dókítà tó bá máa rí i. Oògùn àárẹ̀ ọkàn lè ràn án lọ́wọ́ bí àárẹ̀ ọkàn bá wà níbẹ̀ pẹ̀lú, kì í wo ọ̀fọ̀ fúnra rẹ̀. Oògùn oorun tí ẹnì kan yà sọ́tọ̀ láti ilé rẹ̀, ẹ má fún un.

Kó tó di Sátidé, ohun kan wà tí ẹ gbọ́dọ̀ bi í, tààrà, ẹ̀yin méjèèjì nìkan: "Ṣé ó máa ń wá sí ọ lọ́kàn láti pa ara rẹ?" Bíbéèrè kì í gbin èrò náà síni lọ́kàn, ọ̀pọ̀ ìwádìí ti fi hàn bẹ́ẹ̀, ohun tó ń ṣe ni pé ó ń fún un láyè láti dáhùn. Bó bá ní bẹ́ẹ̀ ni, ẹ má fi í sílẹ̀ nìkan, ẹ kó oògùn, ìbọn, májèlé kòkòrò kúrò nílé, kí ẹ sì gbé e dé ilé ìwòsàn tàbí kí ẹ pe nọ́ńbà pàjáwìrì ibi tí ẹ wà lójú ẹsẹ̀. Bó bá bínú sí yín, ẹ gbà á bẹ́ẹ̀. Ẹ tún wò ó bóyá ó ń jẹun, bóyá ọtí ti wọ ọ̀rọ̀ náà. Ọ̀fọ̀ ń jẹ ara bó ṣe ń jẹ ọkàn: ní 1969, ìwádìí kan lórí ọkùnrin 4,486 tí ìyàwó wọn kú rí i pé láàárín oṣù mẹ́fà àkọ́kọ́, ikú wọn fi ìdá 40 nínú ọgọ́rùn-ún ju ti àwọn ọkùnrin ẹgbẹ́ wọn tó níyàwó nílé. Ọ̀rẹ́ yín ti kọjá oṣù mẹ́fà, àmọ́ ẹ bi í ìgbà tó yẹ ẹ̀jẹ̀ ríru rẹ̀ wò kẹ́yìn.

Yàtọ̀ sí ìyẹn, iṣẹ́ yín rọrùn, ó kàn máa ń pẹ́ ni. Ẹ mú ọjọ́ kan àti wákàtí kan tí kì í yẹ̀, kí ẹ máa lọ fún ìṣẹ́jú 45, kí ẹ sì dìde nígbà tí ẹ ní ẹ ó dìde. Ẹ jókòó sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, kì í ṣe ní iwájú rẹ̀. Ọ̀rọ̀ tó wúwo máa ń jáde jù nígbà tí ojú méjèèjì bá wà níbòmíràn. Ẹ gba páàdì géèmù kejì. Ẹ má sọ pé "bó o bá nílò nǹkan, pè mí", kò ní pè. Ẹ sọ pé "mo ń bọ̀ wá fọṣọ ní Túsìdeè." Lẹ́ẹ̀kọ̀ọ̀kan, ẹ lè dárúkọ ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà nínú ọ̀rọ̀ tiyín, nǹkan kékeré tí ẹ̀yin rántí, láìfi ìbéèrè gbẹ̀yìn, kí ẹ sì bọ́ sí ọ̀rọ̀ mìíràn. Bó bá dákẹ́, ẹ dákẹ́. Bó bá kúrò níbẹ̀, ẹ má tẹ̀ lé e. Ẹ ṣì wá lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀ lákòókò kan náà. Bó bá sọ̀rọ̀ tó sì sunkún, ẹ jókòó, ẹ má sì yọ̀ pé oògùn ti jẹ́, torí àwọn ọjọ́ tó tẹ̀ lé irú ẹkún bẹ́ẹ̀ lè le ju ti àtẹ̀yìnwá lọ. Ẹ padà lọ wò ó lọ́jọ́ kejì.

Yàrá àwọn ọmọ, ẹ má fọwọ́ kàn án. Fọ́tò tí ẹ kó jọ, ẹ tọ́jú wọn sí ilé yín, kí ẹ sọ fún un lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo pé wọ́n wà níbẹ̀ tó bá fẹ́ wọn. Àwọn òbí ìyàwó rẹ̀ náà ń ṣọ̀fọ̀ ọmọ àti ọmọ-ọmọ, ó sì lè jẹ́ pé àwọn gan-an ló ń wá ẹkún rẹ̀. Ẹ fóònù wọn lónìí, kí ẹ sọ fún wọn pé ìpàdé Sátidé kò sí mọ́, kí ẹ sì bi wọ́n bí àwọn náà ṣe ń sùn.