Ọ̀rọ̀ mélòó ni kí n pààrọ̀ kí ó tó di tèmi?

Ìbéèrè: Ẹ kú iṣẹ́ o, ọ̀gá. Akẹ́kọ̀ọ́ ni mí ní Àjàṣẹ́ (Porto-Novo), ní Benin. Mo mú ojú ìwé mélòó kan nínú mémoire (ìwé ìwádìí àṣekágbá ẹ̀kọ́) ẹnì kan lórí ogun Kétu, mo fi í sínú ẹ̀rọ orí íntánẹ́ẹ̀tì tó ń pààrọ̀ ọ̀rọ̀. Wọ́n ní bí ìdajì ọ̀rọ̀ bá ti yí padà, kò sí ẹjọ́ mọ́. Ṣé òótọ́ ni?

Ìdáhùn: Irọ́ ni, ọmọ mi. Ìbéèrè yìí ti sú mi í gbọ́, nítorí àwọn kan wà tó ń gbowó lọ́wọ́ ọmọ ọlọ́mọ pé àwọn á bá a “fọ” mémoire.

Kì í ṣe ọ̀rọ̀ nìkan lo mú. Ẹni tó kọ ìwé yẹn ló lọ bá àwọn àgbà Kétu, òun ló pinnu ohun tó máa ṣáájú àtèyí tó máa tẹ̀ lé e, òun ló ronú kan ìdí ọ̀rọ̀. Bí o pààrọ̀ gbogbo ọ̀rọ̀ ibẹ̀ pátá, làálàá rẹ̀ ṣì lo kó, tí o wá fi orúkọ ara rẹ lé e lórí.

Ẹ̀rọ yẹn kò tilẹ̀ mọ ohun tó ń kà. Ní 1886, ogun Dàhòmì dó ti Kétu títí ìlú fi bọ́ sí wọn lọ́wọ́. Siège ni àwọn Faransé ń pe ìdótì bẹ́ẹ̀. Siège náà ni wọ́n tún ń pe àga. Fi “le siège de Kétou” sínú ẹ̀rọ, ó lè dá “le fauteuil de Kétou” padà fún ọ, àga onítìmùtìmù! Olùkọ́ tó bá rí ìyẹn kò tún nílò ẹ̀rí mìíràn.

Ní 2021, Guillaume Cabanac, onímọ̀ kọ̀ǹpútà ní Toulouse, àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ fi irú ọ̀rọ̀ játijàti bẹ́ẹ̀ tú àṣírí àwọn àpilẹ̀kọ sáyẹ́ǹsì tó jọ pé ẹ̀rọ ló pààrọ̀ ọ̀rọ̀ inú wọn. “Artificial intelligence”, ọgbọ́n àtọwọ́dá, ti di “counterfeit consciousness”, bí ẹni ń sọ pé iyè ayédèrú.

Ní ti ẹ̀rọ tó ń yẹ ìjọra wò, bíi Compilatio, ìdá tó jọra ló ń sọ, kì í dájọ́. Ìdá kékeré kò wẹ̀ ọ́ mọ́.

Ohun tí wàá ṣe nìyí: ka ojú ìwé náà, pa á dé, kí o sọ ohun tí o kà fún ará ilé rẹ ní Nàgó. Ibi tí ẹnu rẹ bá ti ń wọ́, kò tíì yé ọ níbẹ̀. Padà lọ kà á. Lẹ́yìn náà ni kí o kọ ọ́ ní Faransé, kí o sì dárúkọ ẹni tó ni ín àti ojú ìwé tí o ti rí i. Bó ti wù kó yé ọ tó, dandan ni kí o dárúkọ rẹ̀. Bí gbólóhùn rẹ̀ bá wù ọ́ gan-an, gbé e kalẹ̀ bó ṣe wà, fi àmì àyọlò sí i.

Èmi kì í ṣe lọ́yà o. Òfin ẹ̀tọ́ òǹkọ̀wé ti 2006 wà ní Benin, ilé-ẹ̀kọ́ kọ̀ọ̀kan sì ní ìlànà tirẹ̀, nítorí náà bi olùdarí mémoire rẹ kí o tó fi ohunkóhun lé ilé-ẹ̀kọ́ lọ́wọ́. Àmọ́ èyí tí ẹ̀rọ bá ọ ṣe yẹn, pa á rẹ́ lónìí.