Ọ̀gá fúnra rẹ̀ ni kí ẹ fi Fọ́ọ̀mù 48 lé lọ́wọ́

Ẹ̀gbọ́n, ẹ kú ìfaradà. Ẹ ní ó ti pé oṣù mẹ́jọ tí ilé ẹjọ́ ti ní kí wọ́n dá yín padà sẹ́nu iṣẹ́ ìjọba, ọ̀gá àgbà ibẹ̀ ò kà á sí, ẹ wá ń bèèrè bóyá wọ́n lè rán an lẹ́wọ̀n. Wọ́n lè rán an. Abala 72 nínú òfin Sheriffs and Civil Process, òfin tó sọ bí wọ́n ṣe ń mú ìdájọ́ ṣẹ, fàyè gbà á. Ṣùgbọ́n ọ̀nà ibẹ̀ há. Ọdún méjì ni mo fi rìn ín.

Ẹ kọ́kọ́ yẹ ìdájọ́ yín wò. Bí adájọ́ bá kàn kéde pé ìdádúró yín kò bófin mu, ẹ ò lè fi ìyẹn mú ẹnikẹ́ni. Àfi kó pàṣẹ pé kí wọ́n dá yín padà.

Fọ́ọ̀mù 48, ìwé ìkìlọ̀ nípa ohun tó ń bá ẹni tó bá tàpá sí àṣẹ kóòtù, tí akọ̀wé kóòtù ń fọwọ́ sí, ló kàn. Ibẹ̀ ni mo ti jìyà. Akọ̀wé ọ̀gá ló gba tèmi lọ́wọ́ bélíìfù, òṣìṣẹ́ kóòtù tó ń mú ìwé lọ fún èèyàn, ó lu òǹtẹ̀ lé e, inú mi dùn. Lọ́jọ́ ìgbẹ́jọ́, adájọ́ na ẹ̀dà yẹn sókè, ó ní, "Ta ló gba ìwé yìí?" Gbogbo wa dákẹ́. Ènìyàn ni wọ́n ń rán lẹ́wọ̀n, wọn kì í rán ọ́fíìsì. Orúkọ ẹni tó wà lórí àga ni kó wà nínú ìwé, kó sì dé ọwọ́ òun fúnra rẹ̀. Kí n tó tún un ṣe, wọ́n ti gbé ọ̀gá náà lọ ibòmíràn. Mo tún bẹ̀rẹ̀ látorí ẹni tuntun, òun náà ń sá fún bélíìfù, títí kóòtù fi ní ká lẹ̀ ẹ́ mọ́ ilẹ̀kùn rẹ̀. Mo dúró níbẹ̀ bí wọ́n ṣe ń lẹ̀ ẹ́, tí àwọn tá a jọ ṣiṣẹ́ rí ń yọjú lójú fèrèsé.

Fọ́ọ̀mù 49 ló pè é kó wá sọ ìdí tí wọn ò fi ní jù ú sẹ́wọ̀n. Ó kéré tán, ọjọ́ méjì gbáko gbọ́dọ̀ wà láàárín òun àti 48.

Wọ́n á ní àwọn ti pẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ìyẹn nìkan ò dá àṣẹ dúró. Lọ́dún 1986, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ kọ ẹ̀bẹ̀ ìdádúró àṣẹ tí ìjọba ìpínlẹ̀ Èkó bẹ̀, tó fipá lé Ojukwu kúrò nílé n'Íkòyí nígbà tí ọ̀rọ̀ ṣì wà ní kóòtù.

Ọ̀sẹ̀ tí Fọ́ọ̀mù 49 dé ọ̀dọ̀ ọ̀gá ni lẹ́tà ìdápadà mi jáde. Owó oṣù tí wọ́n jẹ mí ní ọ̀nà tirẹ̀: kí kóòtù tó lè yọ ọ́ nínú owó tó wà lọ́wọ́ òṣìṣẹ́ ìjọba, abala 84 nínú òfin kan náà ní kí ẹ gba ìyọ̀ǹda Agbẹjọ́rò Àgbà ìjọba. Ẹ jẹ́ kí lọ́yà yín tètè kọ ìwé yẹn, torí ìdáhùn rẹ̀ máa ń pẹ́.