Má fi setx tún PATH ẹ ṣe o

Àbúrò, jọ̀ọ́, má tíì tẹ kọmáǹdì tó kàn yẹn. O ní o ti fi setx, kọmáǹdì tó ń tọ́jú ètò, kọ JAVA_HOME (ibi tí Java wà) sínú Windows ẹ lẹ́ẹ̀mẹ́rin, ó ń sọ fún ẹ pé SUCCESS, àmọ́ tó o bá echo ẹ̀, %JAVA_HOME% náà ló ń dá padà fún ẹ lásán, ìyẹn lo ṣe fẹ́ fi setx PATH "%PATH%;..." tì í wọlé tipátipá sínú PATH, àkójọ fódà tí Windows ti ń wá kọmáǹdì tó o bá tẹ̀. Mo ti ṣe é rí, ní ṣọ́ọ̀bù mi ní Ìjẹ̀bú-Òde níbí, ojú mi sì rí nǹkan.

JAVA_HOME ẹ ò sọnù. Ó ti wọlé láti ìgbà àkọ́kọ́. Wíńdò dúdú yẹn (Command Prompt), ìgbà tó ń ṣí ló ti ṣe kọ́pì gbogbo environment variable (irú JAVA_HOME àti PATH) tó bá nílẹ̀, kọ́pì yẹn náà láá máa lò títí wàá fi pa á, inú registry, ibi tí Windows ń kó ètò ẹ̀ pa mọ́ sí, ni setx ń kọ tiẹ̀ sí, kò kan wíńdò tó ti ṣí sílẹ̀. Pa á, ṣí òmíì, wàá rí i. Tó bá jẹ́ inú VS Code tí wọ́n fi ń kọ kóòdù lo ti ń tẹ̀ ẹ́, VS Code fúnra ẹ̀ ni kó o pa pátápátá o, torí ọwọ́ ẹ̀ ni terminal yẹn ti ń gba kọ́pì tiẹ̀, ohun tí ìyá ò bá ní, kí lọmọ fẹ́ bá níbẹ̀?

Ti PATH ló ká mi lára jù. Ọmọ kan tó ń ṣe project ní Àgọ́-Ìwòyè gbé láptọ́ọ̀pù wá, bátìrì ẹ̀ ti kú, jẹ́nẹ́ la fi gbé e dúró, ó ku ọjọ́ méjì kó lọ dúró níwájú àwọn ọ̀gá ẹ̀. Java ló ní kí n bá òun fi sí i. Mo ṣí wíńdò admin, mo tẹ setx /M PATH "%PATH%;..." (/M yẹn ló ń kọ ọ́ sí ti system, tí gbogbo ẹni tó ń lo kọ̀ǹpútà náà jọ ń lò), mo tẹ Enter. Ìlà àkọ́kọ́ tó jáde ní WARNING: The data being saved is truncated to 1024 characters, èyí tó tẹ̀ lé e ní SUCCESS, ojú mi kàn bọ́ sórí SUCCESS. Lẹ́tà 1024 ni setx lè kọ, èyí tó bá lé, á gé e dànù láti ìparí, PATH ọmọ yẹn sì gùn, àní Java tí mo ń fi kún un gan-an, ìparí ló wà, òun ló kọ́kọ́ bá a lọ. Mo ṣí wíńdò tuntun, java ò dáhùn, git ò dáhùn, mysql tí ọmọ ọlọ́mọ fi ń ṣiṣẹ́ ò dáhùn. Kò sọ̀rọ̀, ó kàn ń wo ojú mi. Àyà mi já.

Ọwọ́ mi ti dé ibi Restart kí ẹ̀gbọ́n kan ní ṣọ́ọ̀bù ẹ̀gbẹ́ tó pariwo pé má pa wíńdò àkọ́kọ́ yẹn o! Wíńdò tí mo fi ba nǹkan jẹ́ náà, kọ́pì PATH àtijọ́ ṣì wà lọ́wọ́ ẹ̀. A tẹ echo %PATH% > C:\path-atijo.txt, gbogbo ẹ̀ jáde láìku ẹyọ kan. Epo jẹ́nẹ́ ti ń tán lọ nígbà yẹn, ká ní iná kú ṣáájú, ó tán nìyẹn. Ti system àti ti user ló dà pọ̀ nínú ìlà yẹn, ọ̀kọ̀ọ̀kan la jókòó yà wọ́n sọ́tọ̀ títí ilẹ̀ fi ṣú.

Ohun tí mò ń lò báyìí ni PowerShell, wíńdò kọmáǹdì míì tó wà lórí Windows, kò ní wàhálà 1024 yẹn:

$p = [Environment]::GetEnvironmentVariable("Path","User")
[Environment]::SetEnvironmentVariable("Path","$p;C:\ibi\tí\java\wà\bin","User")

Ti user nìkan ló ń fọwọ́ kàn, kì í da ti system mọ́ ọn. Lórí Linux, export JAVA_HOME=... ni, má fi àyè sí ẹ̀gbẹ́ = o, kó o kọ ọ́ sínú fáìlì ~/.bashrc tó ò bá fẹ́ kó pa rẹ́.

Tó bá sì jẹ́ pé o ti tẹ setx PATH yẹn kó o tó ka èyí, má pa wíńdò tó o fi tẹ̀ ẹ́, má restart, echo %PATH% sínú fáìlì báyìí báyìí, kó o tó wá sọ ohun tó o rí fún mi.