Ta ni Helen Oyeyemi, irú ìwé wo ló sì ń kọ?

Helen Oyeyemi ni òǹkọ̀wé ìtàn-àròsọ tí wọ́n bí ní Nàìjíríà ní 1984, tó sì dàgbà sí Lewisham, ní ìlú London, láti ọmọ ọdún 4. Ó ṣì wà ní ilé-ẹ̀kọ́ girama nígbà tó kọ ìwé rẹ̀ àkọ́kọ́, The Icarus Girl (2005). Ìtàn ọmọbìnrin ọlọ́dún 8 kan ni, tí ìbejì rẹ̀ ti kú nígbà ìbí. Ẹni tó bá mọ ìdí tí Yorùbá fi ń gbẹ́ ère ìbejì yóò tètè mọ ibi tí ẹ̀rù inú rẹ̀ ti wá. White Is for Witching (2009), ìtàn ilé abàmì kan ní ìlú Dover ní England, gba ẹ̀bùn Somerset Maugham ní 2010. Àmọ́ kì í ṣe gbogbo ìwé rẹ̀ ló ń dẹ́rù bani. Òmíràn fara jọ àlọ́.