Wọ́n ní obìnrin kì í jogún ilé

“Ẹ̀yin àǹtí, bàbá wa kú ní 2015, wọn kò ṣe wíìlì. Ìyàwó méjì ni wọ́n ní: ìyáálé bí mẹ́rin, ìyá mi bí èmi àti àbúrò mi. Ẹ̀gbọ́n wa àgbà ló ń gba owó ṣọ́ọ̀bù mẹ́rin tó wà níwájú ilé. Èmi ni mo fi ₦850,000 pààrọ̀ páànù. Ní báyìí, wọ́n ti gba owó lọ́wọ́ ẹnì kan tó fẹ́ ra ilé, wọ́n ní obìnrin kì í jogún ilé, kí n kó ẹrù mi. Kí ni kí n ṣe?” Ọmọ Ìyàwó Kejì, Muṣin.

Ẹ má kó ẹrù kankan.

Ọ̀rọ̀ pé obìnrin kì í jogún ilé, ẹnu lásán ni. Lọ́dọ̀ wa, ilé tí bàbá fi sílẹ̀ láìṣe wíìlì, ti gbogbo ọmọ ni, lọ́kùnrin lóbìnrin. Láti 1908, nínú ẹjọ́ Lewis àti Bankole l'Ékòó, ni kóòtù ti sọ pé bí dáwódù (àgbà ọmọkùnrin) bá kú, ọmọ tó tẹ̀lé e ló ń di olórí ẹbí, ì báà ṣe obìnrin. Ṣé ẹni tó lè di olórí ẹbí ni kò ní ìpín?

Ṣùgbọ́n páànù yẹn kò sọ ilé di tiyín o. Owó yòówù kí ọmọ ná sórí ilé ẹbí, ilé ẹbí náà ni. Ẹ tọ́jú rìsíìtì fún ọjọ́ tí wọ́n bá jókòó ṣírò owó, kò ju bẹ́ẹ̀ lọ.

Ó wá ku títà. Ẹ wá ẹ̀dà àgírímẹ́ǹtì náà, kí ẹ wo ohun tí ẹ̀gbọ́n yín pe ara wọn níbẹ̀. Bí wọ́n bá kọ ọ́ pé àwọn nìkan ló nilé, òfo ni títà náà láti ìbẹ̀rẹ̀. Bí wọ́n bá tà á gẹ́gẹ́ bí olórí ẹbí, láìgba ohùn àwọn àgbà ìdí-igi (ìdí-igi ni ẹ̀ka àwọn ọmọ ìyàwó kọ̀ọ̀kan), ibẹ̀ gan-an ni ewu wà. (Ní ìdí-igi ìyá yín, ẹ̀yin lẹ ṣàgbà, ohùn yín ni kò sí níbẹ̀ yẹn.) Irú títà bẹ́ẹ̀ á ṣì dúró títí ẹ ó fi ní kí kóòtù fagi lé e. Òfin Èkó fún ẹni tó ń gba ilẹ̀ padà ní ọdún 12, àmọ́ ẹ má gbára lé e: bí olùrà bá wó ògiri, tó to búlọ́ọ̀kù tuntun lójú yín tí ẹ ò sọ nǹkan kan, adájọ́ lè ní ẹ ti gbà.

Nítorí náà, lọ́sẹ̀ yìí, kí lọ́yà kọ̀wé sí ẹ̀gbọ́n yín àti olùrà pé ilé ẹbí ni, ẹ kò sì fọwọ́ sí títà rẹ̀. Kí ẹni tó bá gbà á buwọ́ lu ẹ̀dà tiyín, kó kọ déètì sí i. Ẹ fi ọ̀dà pupa kọ ọ́ gàdàgbà sí ògiri iwájú pé ilé yìí kì í ṣe títà, kí ẹ sì yà á ní fọ́tò kí ẹnì kan tó kun ún. Ọ̀dà kọ́ ló ń gba ilé, ṣùgbọ́n olùrà kò ní lè sọ mọ́ pé òun kò mọ̀.

Ibùdó ìlàjà ìjọba Èkó, Citizens' Mediation Centre, wà, ọ̀fẹ́ sì ni. Ǹ bá ní kí ẹ kọ́kọ́ lọ síbẹ̀, ṣùgbọ́n owó ti kúrò lọ́wọ́ olùrà. Kóòtù gíga ni kí lọ́yà lọ ní tààrà, kó gba àṣẹ tí yóò dá títà dúró, kó sì bèèrè ìṣirò owó ṣọ́ọ̀bù láti 2015. Ẹ má gbé e lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá. Òfin ọlọ́pàá ti 2020 kò gba kí wọ́n mú èèyàn nítorí irú aáwọ̀ báyìí. Àfi bí wọ́n bá kó tọ́ọ̀gì wá fọ́ ilẹ̀kùn yín: ọ̀ràn nìyẹn, lábẹ́ òfin ààbò dúkìá Èkó ti 2016.

Bí ọ̀rọ̀ bá dórí pínpín, ẹ ní ìdí-igi lẹ fẹ́. Òun ni àṣà, wọ́n sì fìdí rẹ̀ múlẹ̀ nínú ẹjọ́ Dawodu àti Danmole títí dé Lọ́ńdọ̀nù ní 1962. Ìyàwó méjì, ọ̀nà méjì: ìdajì ilé ni ti ẹ̀yin àti àbúrò yín. Bí ó bá jẹ́ orí-ò-jorí, tí wọ́n pín in dọ́gba fún ọmọ kọ̀ọ̀kan, méjì péré nínú mẹ́fà ló kàn yín. Ó ṣeé ṣe kí ẹ̀gbọ́n yín ti ṣírò èyí ṣáájú yín.