Ẹ Bi Wá: Fíìmù ọmọdé, Lasse Hallström àti ọ̀rọ̀ àkọ́sórí

ÌBÉÈRÈ: Ẹ kú iṣẹ́ o. Tíṣà ni mí ní Ìjẹ̀bú-Òde, èmi ni mo ń bójú tó ẹgbẹ́ eré àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ wa. A fẹ́ fi fóònù ya fíìmù kékeré nípa ọmọ tí wọ́n mú lọ sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ̀ ní Ìjẹ̀bú-Igbó. Bí mo bá ti gbé fóònù sókè báyìí, ńṣe ni àwọn ọmọ á máa pariwo bí ẹni ń ka àkọ́sórí. Wọ́n ní kí n wo iṣẹ́ Lasse Hallström ará Swídìn. Ta ni, kí ni mo sì lè rí mú níbẹ̀?

ÌDÁHÙN: Ibi tó yẹ ni wọ́n júwe fún yín. Olùdarí fíìmù ni Hallström, ọdún 1946 ni wọ́n bí i ní Stockholm. Tẹlifíṣọ̀n ló ti bẹ̀rẹ̀, òun náà ló ya èyí tó pọ̀ jù nínú fídíò orin ABBA, ẹgbẹ́ olórin ará Swídìn. Fíìmù rẹ̀ tó bá ìtàn yín mu jù ni Mitt liv som hund ("Ìgbésí ayé mi bí ajá"), tó jáde lọ́dún 1985. Ikọ́ ife ń bá ìyá Ingemar, ọmọ tí ìtàn náà dá lé, jà, wọ́n wá mú ọmọ náà lọ sọ́dọ̀ arákùnrin ìyá rẹ̀ ní abúlé tí wọ́n ti ń ṣe ife àti ìgò. Ẹ wo ibi tó ti gbé ife wàrà: ọwọ́ rẹ̀ ń gbọ̀n, wàrà dà sí i lójú. Kò sọ̀rọ̀, síbẹ̀ ẹ ó mọ̀ pé ọkàn rẹ̀ kò balẹ̀. Fíìmù yìí ni wọ́n tìtorí rẹ̀ yàn án fún àmì-ẹ̀yẹ Oscar, ti olùdarí àti ti ìwé eré, ni ọ̀nà Amẹ́ríkà bá là fún un. Lọ́dún 1993 ó ya What's Eating Gilbert Grape níbẹ̀, lórí ìdílé tí ẹrù wọ́n wúwo. Ṣáájú ìgbà náà, ní 1986 àti 1987, ó ya fíìmù méjì lórí àwọn ọmọ abúlé Bullerbyn. Astrid Lindgren, òǹkọ̀wé tó kọ ìwé ìtàn tí wọ́n gbé fíìmù náà kà, ló kọ ìwé eré wọn fúnra rẹ̀. Ẹ fi ìwọ̀nyí han àwọn ọmọ.

Ní ti àkọ́sórí, ẹ gba ìwé lọ́wọ́ wọn. Ọmọ tó há ọ̀rọ̀ sórí, ọ̀rọ̀ tó kàn ló ń wá, kò gbọ́ ohun tí ẹnìkejì ń sọ. Ẹ sọ ohun tó ń fẹ́ fún un: "O ò fẹ́ kí màmá tíì lọ. Dá a dúró." Kí ọwọ́ rẹ̀ sì níṣẹ́: kó máa bó ẹ̀gúsí, tàbí kó máa rẹ gàrí. Ẹ tan fóònù kó tó mọ̀ pé iṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀, ẹ má pariwo "ákíṣọ̀n", ẹ jẹ́ kó máa ká a fún ìṣẹ́jú méjì sí mẹ́ta. Bí ó bá di ẹ̀ẹ̀kẹrin tí kò dáa, ẹ pààrọ̀ iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀.

Ẹ gbé fóònù lé orí àpótí kó bá ojú ọmọ dọ́gba. Bí ẹ bá dúró ya ọmọ ọdún méje, àtàrí rẹ̀ lẹ ó máa rí. Ẹ má fi ìka fa àwòrán tóbi, ẹ sún mọ́ ọn. Ohùn ló sì ń ba irú iṣẹ́ yìí jẹ́ jù: fóònù tó wà lókèèrè, jẹnẹrétọ̀ ilé kejì ló máa gbà. Ẹ fi fóònù kejì pamọ́ sẹ́yìn abọ́ nítòsí ọmọ kó máa gba ohùn, kí ẹnìkan pàtẹ́wọ́ lẹ́ẹ̀kan níbẹ̀rẹ̀, òun lẹ ó fi mú ohùn bá àwòrán mu tí ẹ bá ń tò ó. Ẹ ti ìpè pa lórí méjèèjì.

Tí ìtàn bá gba ẹkún, ẹ má dẹ́rù ba ọmọ, ẹ má nà án kó lè sunkún. Ìwà ìkà ni, ó sì máa ń hàn lójú ọmọ. Ẹ ya ẹ̀yìn rẹ̀ àti ọwọ́ rẹ̀. Kí òbí kọ̀ọ̀kan sì fọwọ́ sí ìwé ìyọ̀ǹda kí ẹ tó bẹ̀rẹ̀.

ÌBÉÈRÈ: Ṣàgámù ni mo ti ń kọ̀wé. Ṣé a kò lè kọ́ irú èyí lára Ògúndé tiwa?

ÌDÁHÙN: A lè kọ́ ọ, dé ìwọ̀n kan. Hubert Ògúndé ọmọ Òsósà (1916 sí 1990) ti fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣe eré orí ìtàgé kí fíìmù rẹ̀ Aiye tó jáde ní 1979. Lórí ìtàgé, ohùn gbọ́dọ̀ dé ọ̀dọ̀ ẹni tó jókòó sẹ́yìn pátápátá. Ibẹ̀ gan-an ni ariwo àwọn ọmọ wa ti wá: gbọ̀ngàn ni wọ́n ń sọ̀rọ̀ sí, fóònù sì wà níwájú wọn. Kí ọmọ kọ́ ìrìn àti ìdúró lára iṣẹ́ Ògúndé, ṣùgbọ́n kí ohùn rẹ̀ má ju ti ẹni tó ń bá ará ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ sọ̀rọ̀ lọ.